Duga ti Ìmẹ̀kọ: Agbẹ́gilére Tí Iṣẹ́ Rẹ̀ Kọjá Òkun

Bí a bá dárúkọ Ìmẹ̀kọ láàárín wa, ohun tó máa ń kọ́kọ́ wá sí ọ̀pọ̀ yín lọ́kàn ni sùtánà funfun àti ọkọ̀ tó tò bí èèrùn lójú ọ̀nà nígbà Kérésì. Kò burú. Ibẹ̀ ni wọ́n sin Wòlíì S. B. J. Oshoffa sí nígbà tó papò dà ní 1985, àwọn ọmọ Ìjọ Mímọ́ ti Kristi láti Ọ̀run Wá sì ń wọ́ lọ síbẹ̀ lọ́dọọdún. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ ìtàn ọmọ Ìmẹ̀kọ mìíràn fún yín lónìí, ẹni tí orúkọ rẹ̀ wà nínú ìwé àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n Amẹ́ríkà ju bó ṣe wà lẹ́nu àwa ará ilé lọ. Duga ni wọ́n ń pè é. Agbẹ́gilére ni.

Mo mọ̀ pé àwọn kan nínú yín á ti máa béèrè pé ta tún ni Duga. Ìbéèrè yẹn gan-an ló mú mi gbé bíírò. A mọ orúkọ àwọn ayàwòrán ilẹ̀ òkèèrè tí wọ́n fi kọ́ wa nínú ẹ̀kọ́ iṣẹ́ ọnà, a mọ Michelangelo, a mọ Picasso, a tilẹ̀ mọ̀ pé Picasso wo ère ilẹ̀ Áfíríkà kó tó yí ọwọ́ iṣẹ́ rẹ̀ padà. Ẹni tó gbẹ́ ère nílé wa ńkọ́? A ò mọ̀ ọ́n.

Nǹkan bí ọdún 1880 ni wọ́n bí Duga. Ẹ wo irú àkókò tí ọmọ náà bọ́ sí. Ogun Dàhòmì ń jó kiri ilẹ̀ Kétu àti ilẹ̀ tí a wá ń pè ní Yewa lónìí. Ní 1886, nígbà tí Duga kò tíì ju ọmọ bí ọdún mẹ́fà lọ, Kétu fọ́, wọ́n kó ọ̀pọ̀ ènìyàn lẹ́rú lọ sí Àbọ́mẹ̀. Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn náà, ní 1889, Gẹ̀ẹ́sì àti Faransé jókòó ti ara wọn, wọ́n fa ìlà sórí ìwé. Kétu bọ́ sọ́wọ́ Faransé. Ìmẹ̀kọ, tó jẹ́ ọmọ Kétu látilẹ̀wá, bọ́ sọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Ìlaròó pàápàá bọ́ sábẹ́ ààbò Gẹ̀ẹ́sì ní 1891. Ìlà orí ìwé yẹn náà ni àwọn aṣọ́bodè ń ṣọ́ dòní, tí ẹ fi ń rí wọn tí wọ́n na okùn sójú títì bí ẹni ń dẹ pàkúté. Ó pín ìyá àti ọmọ. Kò pín Gẹ̀lẹ̀dẹ́ o. Nígbà tí àjọ UNESCO máa kéde Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ní 2001, tí wọ́n sì kọ ọ́ sínú ìwé ogún ìran ènìyàn ní 2008, orílẹ̀-èdè mẹ́ta ni wọ́n kọ ọ́ mọ́ lórúkọ: Bẹ̀nẹ̀, Nàìjíríà àti Tógò.

Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ni iṣẹ́ tí a fi mọ Duga. Ẹ̀yin ọmọ Ìlobì, ẹ má bínú sí mi. Mo mọ̀ pé ẹ ní ọ̀dọ̀ tiyín ló ti ṣẹ̀, àwọn ará Kétu náà sì ní ọ̀dọ̀ tiwọn ni. Ẹjọ́ yẹn kì í ṣe tèmi láti dá. Èyí tí gbogbo wa gbà ni pé àwọn ìyá wa la ń tìtorí wọn ṣe é, àwọn ìyá tó ní àṣẹ, tí a ń fi ijó tù lójú kí ilé àti oko lè tòrò. Ẹ̀fẹ̀ á kọrin lóru, á bú ẹni tó yẹ ní bíbú, á yin ẹni tó yẹ ní yínyìn. Bó bá di ọ̀sán ọjọ́ kejì, àwọn oníjó á jáde ní méjì méjì, àwọn ọkùnrin tó múra bí obìnrin, igi lórí, irin lẹ́sẹ̀. Àwọn àgbà wa gbà pé ojú tó bá ti rí Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ti dé òpin ìran, wọn ò sì purọ́.

Ibi tí mo fẹ́ kí a dúró sí díẹ̀ ni ohun tí wọ́n fi ń ṣe é. Bí a bá wo ère Gẹ̀lẹ̀dẹ́ nínú àwòrán, tó dúró sínú àpótí gíláàsì, ó máa ń dà bí ohun tó já bọ́ láti ọ̀run. Kò rí bẹ́ẹ̀ rárá. Ohun ilé ni, ohun ọjà ni, ohun inú igbó ẹ̀yìnkùlé ni.

Igi ló kọ́kọ́ wà níbẹ̀. Kì í ṣe gbogbo igi ló ṣeé gbẹ́ sí Gẹ̀lẹ̀dẹ́. Ìrókò lágbára lóòótọ́, ṣùgbọ́n ta ló máa gbé ìrókò lé orí tí á máa fi jó láti ọ̀sán dìrọ̀lẹ́? Igi tó fúyẹ́, tó sì rọ̀ lábẹ́ irin, ni àwọn agbẹ́gilére àgbègbè wa ń wá, irú ahùn àti ọmọ. Ẹ mọ ọmọ, igi tí wọ́n fi ń gbẹ́ ìlù. Tútù ni wọ́n ń gbẹ́ ẹ. Igi tó bá ti gbẹ tán á le koko, á sì máa já ẹnu irin. Bí wọ́n bá gbẹ́ ẹ tán, abẹ́ òjìji ni wọ́n ń gbé e sí kí ó gbẹ díẹ̀ díẹ̀, torí bí oòrùn bá pa á lójijì, á là láti iwájú orí dé ìpàkọ́.

Irin iṣẹ́ ńkọ́? Ọwọ́ alágbẹ̀dẹ ni wọ́n ti ń rà á. Àáké wà, èyí tí wọ́n fi ń gé igi lulẹ̀; àáké kékeré kan sì wà tí ẹnu rẹ̀ dá bùú bí ẹnu ọkọ́, òun gan-an lọ̀gá; ọ̀bẹ oríṣìíríṣìí tẹ̀ lé wọn. Láti ìgbà tí ọkọ̀ akẹ́rù ti wọ ilẹ̀ wa, sípíríǹgì ọkọ̀ tó kú ni alágbẹ̀dẹ ń rọ sí irin iṣẹ́. Ẹ wá rò ó wò: ọkọ̀ tó gbé ẹ̀gẹ́ àti àgbàdo títí tó fi dẹnu kọlẹ̀, irin ìdí rẹ̀ ni wọ́n fi gé imú àti ètè ère.

Àwọn gbẹ́nàgbẹ́nà Èkìtì ló to iṣẹ́ náà lẹ́sẹẹsẹ fún Fadá Kevin Carroll, tó tẹ ìwé nípa rẹ̀ jáde ní 1967. Ọ̀nà lílé ni wọ́n fi ń bẹ̀rẹ̀, ìyẹn ni pé kí wọ́n fi àáké la orí, ọrùn àti ara jáde lára ìtì igi ní gàgàrà. Àlétúnlé ló tẹ̀ lé e: ojú á yọ, etí á yọ, ṣùgbọ́n ohun gbogbo ṣì nípọn. Lẹ́yìn náà ni dídán, tí wọ́n á fi ọ̀bẹ fá a títí ara rẹ̀ á fi jọ̀lọ̀. Fífín ló gbẹ̀yìn: ilà ojú, irun dídì, ìpéǹpéjú. Ibi fífín yìí lẹ ti ń mọ ọwọ́ ẹni tó gbẹ́ ẹ, bí olùkọ́ ṣe ń mọ ọwọ́ ìkọ̀wé akẹ́kọ̀ọ́ láìwo orúkọ tó wà lórí ìwé. Ẹ̀yin olùkọ́ mọ ohun tí mò ń wí.

Bí wọ́n bá fẹ́ kí ara igi dán, wọn ò dúró de pépà tí wọ́n ń tà ní ṣọ́ọ̀bù. Ewé ìpín wà. Ewé tí àwọn ìyá wa ń já láti fi ha ìkòkò àti igbá, òun náà ni wọ́n fi ń ha ère. Ìgbà tí mo gbọ́ èyí ni mo rẹ́rìn-ín, torí ẹ rántí iṣẹ́ ọwọ́ wa ní iléèwé: ìgbálẹ̀, ẹní, apẹ̀rẹ̀, ọmọorógùn tí a ní láti fi ọ̀bẹ gbẹ́ fúnra wa. Àwọn kan nínú wa, mi ò ní í dárúkọ, ọjà ni wọ́n ti lọ ra tiwọn, tí wọ́n wá fi iyẹ̀pẹ̀ kùn ún kí ó lè jọ iṣẹ́ ọmọdé. Ewé ìpín á ti gba àwọn yòókù lọ́wọ́ wàhálà, ká ní a mọ̀. Àwọn tó dá Comprehensive High School sílẹ̀ ní Ayétòrò ní 1963 rí ohun kan níbẹ̀: wọ́n fi iṣẹ́ igi àti iṣẹ́ irin sí ẹ̀gbẹ́ ìwé kíkà, pé kí orí àti ọwọ́ jọ lọ sí kíláàsì.

Ó wá ku àwọ̀. Láyé àtijọ́, osùn ni pupa, ẹfun ni funfun, ẹ̀lú ni aró, èédú àti èéfín ìdí ìkòkò ni dúdú. Ẹ wò ó: osùn tí a fi ń para fún ìyàwó àti ọmọ tuntun, ẹ̀lú tí a fi ń rẹ aṣọ, èéfín tí a ń ha dànù. Kò sí ọ̀kan tí kò sí nínú ilé. Lẹ́yìn náà ni ọjà òyìnbó dé, búlúù Reckitt sì wọlé, búlúù yẹn náà tí ẹ mọ̀, tí àwọn ìyá wa ń jù sínú omi tí wọ́n fi ń ṣan aṣọ funfun wa, tí ó bá pọ̀ jù, ẹ á wọ yunifọ́ọ̀mù aláwọ̀ òfurufú lọ sí iléèwé, àwọn ẹgbẹ́ yín á sì fi yín ṣe yẹ̀yẹ́. Àwọn agbẹ́gilére rí i, wọ́n ní èyí mọ́lẹ̀ ju ẹ̀lú lọ. Wọ́n fi kun irun ère ìbejì, wọ́n fi kun Gẹ̀lẹ̀dẹ́. Nígbà tí ọ̀dà inú agolo náà tún dé, wọ́n gbà á tọwọ́ tẹsẹ̀.

Àwọn kan tó ń kó ère jọ lókè òkun kì í fẹ́ràn ọ̀dà agolo. Wọ́n ní ó ti ba ojúlówó jẹ́. Èmi ò gbà fún wọn. Oòrùn ọ̀sán gangan ni Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ń jó sí, láàárín èrò, láàárín eruku. Ohun tó bá tàn jù ni agbẹ́gilére ń wá, yálà ilẹ̀ ló ti hù ú jáde tàbí ọkọ̀ ojú omi ló gbé e wá. Àti pé kì í ṣe ẹ̀ẹ̀kan ni wọ́n ń kun ère. Bí ọdún bá ti ń sún mọ́lé ni wọ́n ń tún un kùn, àwọ̀ á máa gun orí àwọ̀. Ère tó bá ti rí ogún ọdún lè ní gbogbo ìtàn ọjà ìlú lára, láti orí osùn dé orí agolo.

Igi nìkan kọ́ ni Gẹ̀lẹ̀dẹ́ o. Ohun tí wọ́n kọ́ sí museum jẹ́ orí nìkan, ara kò sí níbẹ̀. Ara náà, ọ̀dọ̀ àwọn obìnrin ni wọ́n ti ń yá a. Oníjó á lọ bá ìyá rẹ̀, á lọ bá ìyàwó rẹ̀, á lọ bá àbúrò rẹ̀ obìnrin, á gba gèlè, á gba ìró, á gba ọ̀já. Wọ́n á fi ọparun tàbí pankẹ́rẹ́ ká òrùka ńlá sí ìbàdí kí ìdí lè yọ, wọ́n á so ọmú onígi mọ́ àyà, wọ́n á wá máa di gèlè lé gèlè, ìró lé ìró, títí ọkùnrin tó tín-ínrín á fi di abiyamọ ńlá. Irin tí ń dún á wà lọ́rùn ẹsẹ̀ méjèèjì kí ẹsẹ̀ lè máa dá ìlù lóhùn. Bó bá wá jáde sí agbo, àwọn obìnrin tó wà lórí ìdúró á máa wo aṣọ tiwọn tó ń jó. Ẹ ò rí i bí ọ̀rọ̀ náà ṣe jinlẹ̀ tó? Ijó tí wọ́n ń jó fún àwọn ìyá, aṣọ àwọn ìyá náà ni wọ́n fi ń jó o. Bí ijó bá parí, oníkálukú á gba aṣọ rẹ̀, á fọ̀ ọ́, á tún wọ̀ ọ́ lọ sọ́jà lọ́jọ́ kejì. Aṣọ tó ti di ara òrìṣà lánàá, òun ló fi gbé ọmọ pọ̀n lónìí. Mi ò mọ iṣẹ́ ọnà mìíràn tó ń yáni lóhun èlò báyìí tó sì ń dá a padà.

Ohun tí wọ́n ń gbẹ́ sórí igi náà tún ńkọ́? Ojú ènìyàn ló wà nísàlẹ̀, ojú tútù, ojú sùúrù. Orí ojú yẹn ni agbẹ́gilére ti ń ṣe bó ṣe wù ú. Ejò tó gbé ẹranko lẹ́nu wà níbẹ̀, ẹyẹ wà níbẹ̀, obìnrin tó gbé igbá ọjà rù wà níbẹ̀, babaláwo àti ọpọ́n rẹ̀ wà níbẹ̀. Bí ayé ṣe ń yí ni ó ń yí: maṣíìnì ìránṣọ gun orí, alùpùpù gun orí, bàálù gun orí. Àwọn kan tilẹ̀ ń so okùn mọ́ ọn tí ère kéékèèké á fi máa mi ọwọ́ mi ẹsẹ̀ bí oníjó bá ti fà á. Ohun tí ìlú ń sọ lẹ́nu, tí wọ́n ń fi rẹ́rìn-ín, tí wọ́n ń bẹ̀rù, ẹ máa bá a lórí Gẹ̀lẹ̀dẹ́. Ìwé ìròyìn ni, ká má tàn ara wa.

Inú iṣẹ́ báyìí ni Duga dàgbà sí, tó fi di àgbà tí wọ́n ń tọ́ka sí. Ó ti tó ẹni àádọ́rin ọdún nígbà tí ọ̀jọ̀gbọ́n kan láti Amẹ́ríkà bá a ní Ìmẹ̀kọ ní 1950. William Bascom lorúkọ rẹ̀. Ọkùnrin yìí kì í ṣe òyìnbó tó kàn ń kọjá lọ. Ó ti gbé ní Ifẹ̀ láti 1937 sí 1938, ó ti kọ́ èdè wa, ó sì ti ń kọ nípa Ifá. Berta, ìyàwó rẹ̀, ọmọ Kúbà ni, orílẹ̀-èdè tí àwọn ọmọ Yorùbá tí wọ́n kó lẹ́rú ti ń bọ Ṣàngó àti Yemọja títí di bí a ti ń sọ̀rọ̀ yìí. Nítorí náà, nígbà tí àwọn méjèèjì dé Ìmẹ̀kọ, àlejò tó mọ ohun tó ń wá ni wọ́n.

Ohun tí Bascom ṣe ló yàtọ̀. Àwọn tó ṣáájú rẹ̀ nínú iṣẹ́ ìwádìí, ère ni wọ́n ń rà. Wọn á rà á, wọn á kọ orúkọ ìlú tàbí orúkọ ẹ̀yà sí i nídìí, wọn á gbé e lọ. Bascom jókòó ti ẹni tó ń gbẹ́ ẹ. Ó wo bí Duga ṣe ń mú ìtì igi, ó wo bí ọwọ́ ṣe ń lọ, ó ya àwòrán iṣẹ́ náà bó ṣe ń yọ díẹ̀díẹ̀, ó sì kọ orúkọ Duga sílẹ̀. Ẹ lè rò pé ohun kékeré nìyẹn. Kì í ṣe ohun kékeré. Ní ìgbà yẹn, àwọn tó pọ̀ nínú àwọn onímọ̀ gbà pé iṣẹ́ ọnà Áfíríkà kò ní olóhun, pé ẹ̀yà ló ń gbẹ́ ère, kì í ṣe ènìyàn. Pé baba ló fi han ọmọ, ọmọ náà kàn ń ṣe é bó ṣe bá a, bí ẹyẹ ẹ̀gà ṣe ń hun ìtẹ́. Bẹ́ẹ̀, kò sí ọmọ ìlú kan ní Ìmẹ̀kọ tí kò lè sọ ẹni tó gbẹ́ ère tó ń jó lójú agbo. Àwọn ará ilé mọ̀. Ẹni tó ń ra ère ni kò béèrè.

Duga kú ní nǹkan bí 1960, ọdún tí Nàìjíríà gba òmìnira. Ẹni tí wọ́n bí kí àwọn òyìnbó tó fa ìlà, ó ní láti tó ọgọ́rin ọdún.

Àwọn ère rẹ̀ tí Bascom kó lọ ti dé Berkeley, ní Califonia, níbi tí Bascom ti di olórí museum yunifásítì náà láti 1957. Lowie Museum ni wọ́n ń pè é nígbà náà, Phoebe A. Hearst Museum ni wọ́n ń pè é báyìí. Ní 1973 ni Bascom wá tẹ ìtàn Duga jáde, nínú ìwé kan tí Warren d'Azevedo ṣe olótùú rẹ̀, tí wọ́n fi sọ nípa àwọn oníṣẹ́ ọnà ilẹ̀ Áfíríkà. Àkọlé tí ó fún un, bí a bá túmọ̀ rẹ̀ sí èdè wa, ni ọ̀gá agbẹ́gilére Yorùbá. Ọdún 1981 ni Bascom náà kú. Láti ìgbà tí ìwé yẹn ti jáde, kò fẹ́rẹ̀ẹ́ sí ẹni tó ń kọ́ nípa ère Yorùbá ní yunifásítì òkè òkun tí kò ní í kan orúkọ Duga ti Ìmẹ̀kọ.

Ní ilé ńkọ́? Ẹ jẹ́ ká sọ òótọ́ fún ara wa. Ère Gẹ̀lẹ̀dẹ́ kì í pẹ́ nílé. Igi tó fúyẹ́ ni, ikán fẹ́ràn rẹ̀. Bí òjò bá wọlé, ó di jíjẹrà. Láyé Duga, kò sẹ́ni tí ìyẹn ń dùn. Bí ọ̀kan bá bàjẹ́, wọ́n á gbẹ́ òmíràn, torí agbẹ́gilére wà níbẹ̀. Nígbà tó di pé ọmọ agbẹ́gilére ń lọ kọ́ ìwé, tó ń di olùkọ́, tó ń di akọ̀wé báǹkì bí àwa náà, èyí tó bàjẹ́ kò ní arọ́pò mọ́. Ìjọ àti mọ́sáláṣí náà dé, àwọn kan sun tiwọn níná, wọ́n ní òrìṣà ni. Àwọn oníṣòwò náà dé ní òru, wọ́n ń ra èyí tó kù lówó pọ́ọ́kú, wọ́n ń gbé e gba ibodè kọjá. Èyí tí wọ́n bá gbé kọjá, ẹ lè tún rí i lọ́jọ́ kan nínú ìwé ọjà ní Paris, pẹ̀lú iye owó tó lè kọ́ ilé, tí wọ́n kọ sí abẹ́ rẹ̀ pé Yorùbá ló gbẹ́ ẹ, a ò mọ ẹni tó jẹ́. Ìyẹn ló ń dùn mí jù. Kì í ṣe pé wọ́n gbé e lọ nìkan, orúkọ ló kọ́kọ́ sọnù, ká tó tún sọ ère náà nù.

Kí ẹ má bàa rò pé ọ̀rọ̀ àná nìkan ni mò ń sọ, ẹ jẹ́ kí n ya ẹsẹ̀ kan lọ sí Pọ́tó-Nóvò. Ọmọ Yorùbá kan wà níbẹ̀ tí ń jẹ́ Romuald Hazoumè, tí wọ́n bí ní 1962. Kẹ́ẹ̀gì ni òun fi ń ṣe ojú. Ẹ mọ kẹ́ẹ̀gì, ẹ ò ní í sọ pé ẹ ò mọ̀ ọ́n. Kẹ́ẹ̀gì tí àwọn onífàyàwọ́ ń fi gbé epo bẹntiróòlù láti ọ̀dọ̀ wa kọjá sí Bẹ̀nẹ̀ lórí alùpùpù, mẹ́wàá, mẹ́ẹ̀ẹ́dógún lẹ́ẹ̀kan náà, tí wọ́n ti fi iná rọ kó lè wú kó gba epo sí i. Hazoumè wo kẹ́ẹ̀gì tó ti fọ́, ó rí i pé ẹnu rẹ̀ jọ ẹnu ènìyàn, ìdìmú rẹ̀ jọ imú. Ó lẹ irun mọ́ ọn, ó di ojú. Ó to 304 irú ojú bẹ́ẹ̀ pọ̀ ní ìrísí ọkọ̀ tí wọ́n fi kó àwọn baba wa lẹ́rú, ilé British Museum ní Lọ́ńdọ̀nù sì rà á ní 2007. Àwọn aṣọ́bodè tó ń gba kẹ́ẹ̀gì lọ́wọ́ àwọn ènìyàn ní ojú ọ̀nà wa kò mọ̀ pé ère ni àwọn ń gbẹ́sẹ̀ lé. Bí mo ṣe rí iṣẹ́ ọkùnrin yìí, Gẹ̀lẹ̀dẹ́ ni mo rí: ohun ọjọ́ gbogbo tó gun orí ojú ènìyàn láti sọ ohun tí ń ṣe ìlú. Ó kàn jẹ́ pé òun kọ orúkọ tirẹ̀ sílẹ̀, gbogbo ayé sì ń pè é.

Èyí ni mo fi fẹ́ bẹ ẹ̀yin tí ẹ wá láti Ìmẹ̀kọ, Ìlárá, Ìjọ̀ùn, Ohùnbẹ́, Ìgan-Aládé, àti gbogbo abúlé tó wà lẹ́bàá ibodè. Bí ère àtijọ́ kan bá ṣì wà ní àjà ilé bàbá yín, tàbí lẹ́yìn ilẹ̀kùn ìyá àgbà, ẹ má ì tíì fọwọ́ kan ọ̀rọ̀ bóyá ẹ fẹ́ tọ́jú rẹ̀ tàbí ẹ ò fẹ́. Ẹ kọ́kọ́ lọ bá ẹni tó dàgbà jù nínú ilé náà. Ẹ béèrè pé ta ló gbẹ́ ẹ, ọdún wo ni wọ́n kọ́kọ́ gbé e jó, aṣọ ta ni wọ́n yá sí i. Ẹ fi bíírò kọ orúkọ náà sínú ihò inú ère, níbi tí orí oníjó ń wọ̀, tí òjò kò ti ní í tètè bá a. Ẹ tún kọ ọ́ sórí ìwé, kí ẹ sì mú ìwé náà dání nígbà tí ẹ bá ń bọ̀ ní àpéjọ tó ń bọ̀, ká lè tẹ̀ ẹ́ sínú ìwé ìròyìn yìí. Ẹ má dúró di ẹ̀yìn Kérésì o, torí àwọn àgbà tí mo ní ká bi yìí kò dúró de ẹnikẹ́ni mọ́.